Èdè Tí Mo Kọ Sínú Fọ́ọ̀mù

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kẹta oṣù kẹfà

Ọjọ́ kẹtàdínlógún rèé tí baálé mi ti wà lórí bẹ́ẹ̀dì kẹrin, lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé. Apá ọ̀tún kò tíì gbéra. Ẹsẹ̀ ọ̀tún ti ń jí díẹ̀díẹ̀. Ọ̀rọ̀ ni kò sí. Ó ń wò mí bí ẹni ń wo àlejò tó jókòó pẹ́ jù.

Lónìí ni Olùkọ́ Ọ̀rọ̀ kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Bí gbogbo wọ́ọ̀dù ṣe ń pè é nìyẹn, ọmọdébìnrin tó ń kọ́ àwọn tí rọpárọsẹ̀ gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu wọn. Kò lè ju ọmọ ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n lọ. Ó to àwòrán mẹ́wàá síwájú baálé mi: ife, àga, bàtà, ológbò, irú nǹkan báwọ̀nyí. "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fọwọ́ kan ife fún mi." Baálé mi wo òrùlé. "Bàbá, ológbò dà?" Òrùlé náà ló ṣì ń wò. Òdo nínú mẹ́wàá.

Mo tún gbólóhùn kan ṣe fún ọmọ náà, ó sì dúpẹ́. Ọdún mẹ́tàlélọ́gbọ̀n ni mo fi ṣe tíṣà, mo fi mẹ́sàn-án jẹ ọ̀gá ilé ìwé nínú rẹ̀, àwọn ọmọ a sì máa pè mí ní Mádáàmù Tún-un-Sọ lẹ́yìn mi. Wọ́n rò pé mi ò mọ̀.

Òjò láti àárọ̀. Agboòrùn mi ti ya.

Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ kẹfà

Òdo.

Àbámẹ́ta, ọjọ́ kẹjọ

Ọmọ mi ti ilé iṣẹ́ rédíò wá tààrà. Òun nìkan ni mo bí, òun ló sì ń ka ìròyìn aago mẹ́fà ìrọ̀lẹ́. Àwọn èèyàn máa ń dá mi dúró lójú títì láti sọ fún mi pé àwọn ò tíì gbọ́ ẹni tí ọ̀rọ̀ mọ́ lẹ́nu rẹ̀ tó bẹ́ẹ̀. Èmi ni mo kọ́ ọ. Mi ò ní torí ìrẹ̀lẹ̀ purọ́.

Ó di ọwọ́ bàbá rẹ̀ mú, ó ka ìròyìn àná fún un láti òkè délẹ̀, nítorí baálé mi kì í fi aago mẹ́fà yẹn ṣeré. Á jókòó ti rédíò, á gbọ́ ọ tán, á ní "Ó dára," á sì dìde. Lónìí, kò sọ ọ́. Ó fọwọ́ òsì pa ọmọ náà lórí, ó sì kọjú sí fèrèsé.

"Màmi, ṣé wọn ò mọ̀ mí mọ́ ni?"

"Wọ́n mọ̀ ẹ́ dáadáa. Ṣé ojú ló ń dùn wọ́n ni?"

Ó sunkún nínú mọ́tò rẹ̀ kó tó wa ọkọ̀ lọ. Mo rí i láti òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì. Ọsàn mẹ́ta ni wọ́n ń tà báyìí ní iye tí a fi ń ra márùn-ún. Mo rà á bẹ́ẹ̀, torí baálé mi fẹ́ràn rẹ̀.

Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kọkànlá

Dókítà àgbà pè mí sí yàrá rẹ̀. Wọn yóò ṣe ìpàdé lórí ọ̀rọ̀ baálé mi ní ọjọ́ kìíní oṣù tó ń bọ̀. Tí àyẹ̀wò bá ṣì fi hàn pé kò lóye ohun tí èèyàn ń bá a sọ, wọn ò ní jẹ́ kó bá mi relé. Ilé àwọn aláìlera tó wà lódìkejì odò ni wọ́n máa gbé e lọ. Ẹ̀ẹ̀kan lọ́sẹ̀ ni wọ́n ń gba àlejò níbẹ̀, wákàtí méjì péré.

Mo ní, "Ó lóye, Dókítà."

Ó ní, "Màmá, ìwé ò sọ bẹ́ẹ̀."

Ó ṣí fáìlì láti fi òdo mẹ́rẹ̀ẹ̀rin hàn mí. Fọ́ọ̀mù tí mo fọwọ́ ara mi kọ lọ́jọ́ tí a gbé e dé ló wà lókè pátápátá. Ìlà kẹfà: èdè abínibí. Mo rí ohun tí mo kọ síbẹ̀, mo sì gbójú kúrò.

Mo fẹ́ kó wálé. Ilé yẹn ti tóbi jù. Orí ìdúró ni mo ti ń jẹun. Lánàá mo po tíì ife méjì láìronú, nígbà tí mo rí ohun tí mo ṣe, mo jókòó, mo mu méjèèjì.

Ọjọ́rú, ọjọ́ kejìlá

Òjò dá díẹ̀, mo sì tètè dé. Láti ọ̀dẹ̀dẹ̀ ni mo ti gbọ́ ẹ̀rín rẹ̀. Ẹ̀rín baálé mi! Mo fẹ́rẹ̀ẹ́ ju kúlà oúnjẹ sílẹ̀.

Mo yọjú. Obìnrin tó ń nu ilẹ̀ wọ́ọ̀dù ló fara ti igi ìnulẹ̀ rẹ̀, àwọn méjèèjì ń sọ̀rọ̀. Baálé mi ń sọ̀rọ̀. Ó ń já, ó ń dúró, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ ni, ó péye, ó sì ní èsì. Èdè èbúté ni wọ́n ń sọ, èyí tí gbogbo ìlú ń pè ní ẹnu àkísà.

Bí mo ṣe wọlé ni gbogbo rẹ̀ dákẹ́. Obìnrin náà gbé garawa rẹ̀, ó ní "Ẹ káàárọ̀, Mà," lọ́nà tó mọ́ tónítóní, ó sì jáde. Baálé mi padà sí òrùlé rẹ̀.

Kí n kọ ọ́ bó ṣe rí: owú jẹ mí. Ní ọdún méjìdínláàádọ́rin mi, mo ń jowú obìnrin tó ń nu ilẹ̀.

Ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ kẹrìnlá

Mo ti mú bírò láti kọ̀wé fẹ̀sùn kàn án, pé agbálẹ̀ ń sọ ìsọkúsọ létí aláìsàn. Mo kọ ìlà méjì. Mo ya á.

Ní ilé wa, ẹnu àkísà kì í kọjá ẹnu ọ̀nà. Abọ́ omi kan máa ń wà níwájú ilẹ̀kùn. Tí baálé mi bá ti ìdí kíréènì rẹ̀ dé láti èbúté, á bọ́ bàtà, á bu omi ṣan ẹnu, á tutọ́ sínú koríko, ìgbà náà ni yóò tó wọlé. Èmi ni mo gbé abọ́ náà síbẹ̀. Ọmọ wa rò pé nítorí eruku èbúté ni.

Àìkú, ọjọ́ kẹrìndínlógún

Agbálẹ̀ náà bá mi ní ibùdókọ̀. Òjò ti gbá wa mọ́ abẹ́ òrùlé kékeré kan, kò síbi tí mo fẹ́ sá sí.

Ó ní, "Mà, bàbá mi ní kí n kí yín. Mẹ́ta-Ìka ni wọ́n ń pè wọ́n. Wọ́n ní inú bárékè èbúté kan náà lẹ ti jọ dàgbà, ẹ̀yin àti Bàbá."

Mo ní, "Mi ò mọ ẹni tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀."

Ó wò mí. Kò bá mi jiyàn. Ó ní, "Ó dáa, Mà. Èèyàn máa ń jọra." Ó wá fi bàágì rẹ̀ bo kúlà mi kí omi má wọ̀ ọ́. Ì bá sàn kó bú mi.

Ọjọ́rú, ọjọ́ kọkàndínlógún

Mo mọ Mẹ́ta-Ìka. Okùn ọkọ̀ ló gé ìka méjì yòókù, mo sì wà níbẹ̀, ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí.

Mi ò tíì kọ èyí síbi kankan rí. Inú bárékè èbúté ni wọ́n bí mi sí, yàrá kọkànlélógún. Ibì kan ni bàbá mi ti wá, ibòmíràn tó jìnnà sí i ni ìyá mi ti wá, kò sì sí ẹni tó gbọ́ èdè ẹnì kejì nínú wọn. Bẹ́ẹ̀ náà ni gbogbo ará ibẹ̀. Iṣẹ́ ló kó wọn jọ, ọ̀rọ̀ iṣẹ́ náà ni wọ́n sì kọ́kọ́ ní. Hísà ni wọ́n ń ké sí kíréènì kó gbé ẹrù sókè, kálà ni kó sọ ọ́ kalẹ̀. Wọ́n mú díẹ̀ lára èdè àwọn ọ̀gá, díẹ̀ lára ti àwọn atukọ̀, ẹnì kọ̀ọ̀kan sì mú ìwọ̀nba tó bá a wá láti ilé. Bàbá mi fi irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ tí kò tó ọgọ́rùn-ún fẹ́ ìyá mi, ó sì rí i fẹ́.

Nígbà tí àwa ọmọ dé, kò sẹ́ni tó sọ fún wa pé èdè náà kúrú. Ohun tí a bá lẹ́nu wọn nìyẹn, a gbà pé bí èdè ṣe ń rí nìyẹn. A fi jà, a fi purọ́, a fi sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ lánàá àti ohun tí ì bá ṣẹlẹ̀ ká ní òjò ò rọ̀. Ọ̀rọ̀ tí kò bá sí, a ó ṣe é. Àwọn òbí wa máa ń dúró kí wọ́n tó sọ̀rọ̀, bí ẹni ń wá bọ́tìnnì nínú àpò. Àwa kì í dúró. Ìyá mi a máa pariwo pé, "Ẹ rọra, ẹ̀yin ọmọ wọ̀nyí! Àbí ẹ fẹ́ gbé ọ̀rọ̀ wa sá lọ ni?"

Lẹ́yìn náà ni mo lọ sílé ìwé ní ìgboro. Lọ́jọ́ kìíní, mo dìde, mo dáhùn ìbéèrè kan, mo sì gbà á. Kíláàsì bú sẹ́rìn-ín. Tíṣà náà rẹ́rìn-ín. Ó ní, "Ẹ wá gbọ́ ẹnu àkísà!" Mo jókòó, mo sì búra. Ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún ni mí nígbà tí mo fi bárékè sílẹ̀, n kò sì tún ẹsẹ̀ mi gbé ibẹ̀ mọ́, àfi ọjọ́ tí a sìnkú ìyá mi.

Ọmọ yàrá kẹtàlélógún ni baálé mi. Nígbà tó ní òun fẹ́ fẹ́ mi, mo ní mo gbà, ṣùgbọ́n ẹnu yẹn ò ní wọ ilé mi, ọmọ mi ò sì ní gbọ́ ọ. Ó ní òun ti gbọ́. Ọkùnrin tó ń wá obìnrin, kí ni kò ní gbọ́?

Ọjọ́bọ̀, ogúnjọ́

Olùkọ́ Ọ̀rọ̀ fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́. "Màmá, ẹ má bínú o. Ṣé èdè kankan wà tí Bàbá gbọ́ kí wọ́n tó gbọ́ tiwa? Nígbà míì, àìsàn yìí máa ń kó èyí tí èèyàn kọ́ lẹ́yìn lọ, á wá fi ti ìgbà ọmọdé sílẹ̀."

Mo ní, "Rárá." Kíá báyìí. Ọjọ́ mọ́kànlá ló kù.

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kẹrìnlélógún

Mo dúró di ọ̀sán, tí àwọn bẹ́ẹ̀dì yòókù sùn. Mo jókòó tì í.  Mo la ẹnu, mo pa á dé, bí ẹ̀ẹ̀mẹta. Ojú ń tì mí, níwájú ọkọ mi ni o, ọkùnrin tó ti rí mi nígbà ìrọbí.

Mo wá bi í ní èdè èbúté pé, "Ṣé ó ń dùn ẹ́?"

Èdè yẹn kò mọ ẹ̀yin. Ìwọ ni ọ̀gá, ìwọ ni ọmọ, ìwọ ni ọkọ ẹni. Ogójì ọdún ni mo fi ń pe ọkùnrin yìí ní ẹ̀yin.

Ó yí orí. Kò wo òrùlé mọ́, èmi ló ń wò, ó wò mí títí. Ó wá sọ ọ́ díẹ̀díẹ̀, pé, "Ọmọ yàrá kọkànlélógún. Níbo lo ti ń bọ̀ látọjọ́ yìí?"

Mo gbé orí lé itan rẹ̀, mo sunkún bí ẹni tí ẹnikẹ́ni ò kọ́ lẹ́kọ̀ọ́ rí. Ọwọ́ òsì rẹ̀ wà lẹ́yìn ọrùn mi. Àárò rẹ̀ ti ń sọ mí, ó sì ti pẹ́ ju ọ̀sẹ̀ márùn-ún yìí lọ.

Ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ kejìdínlọ́gbọ̀n

Mo jẹ́wọ́ fún Olùkọ́ Ọ̀rọ̀. Mo ní, "Irọ́ ni mo kọ sínú fọ́ọ̀mù, irọ́ náà ni mo sì pa fún ẹ." Mo ti múra fún ìwàásù. Bírò ló nà sí mi kí n tún un kọ. Mo tún un kọ, ìkọ̀wé ọ̀gá ilé ìwé sì di jágbajàgba.

A to àwòrán náà. Mo ń bi í, ó ń fọwọ́ kàn án. Mẹ́sàn-án nínú mẹ́wàá! Ológbò ló kù. Ó ní ológbò kọ́ nìyẹn, alákòóso èbúté ni, wo irùngbọ̀n rẹ̀. Mo túmọ̀ rẹ̀, Olùkọ́ Ọ̀rọ̀ rẹ́rìn-ín títí ó fi di ògiri mú. Ó fún un ní mẹ́wàá.

Ṣùgbọ́n ìgbìmọ̀ gbọ́dọ̀ fojú ara wọn rí i. Ilé ìwòsàn ní ògbufọ̀ fún èdè méjìlá, kò sì ní fún ti èbúté. Òṣìṣẹ́ ọ́fíìsì wọn sọ fún mi pé, "Èyí kì í kúkú ṣe èdè, Màmá." Ọ̀rọ̀ tí èmi náà ti sọ fún ọmọ ọlọ́mọ láìmọye ìgbà nìyẹn. Èmi ni mo máa túmọ̀, níwájú gbogbo wọn. Ọmọ mi yóò wà níbẹ̀.

Àìkú, ọgbọ̀njọ́

Mẹ́ta-Ìka wá kí i. Irun rẹ̀ ti funfun báláú. Mo kí i ní èdè èbúté, ó sì ṣẹ́jú sí mi.

"Yéè! Mádáàmù! Ta ló ṣì ń sọ̀rọ̀ báyìí? Èdè rẹ ti hu ewú! Àwọn ọmọ-ọmọ mi á ní òkú ló ń sọ̀rọ̀." Ó ní àwọn ọmọ bárékè ìsinsìnyí ti ṣe òmíràn lé e, kíá-kíá ni, òun náà ní láti máa bẹ̀ wọ́n kí wọ́n rọra. Ó ní wọ́n ń fi kọ lẹ́tà síra wọn lórí fóònù. Ó wá tún gbólóhùn mi méjì ṣe. Èmi, Tún-un-Sọ! Baálé mi rẹ́rìn-ín títí ikọ́ fi gbà á.

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kìíní oṣù keje

Èèyàn márùn-ún yí tábìlì ká: dókítà àgbà, Olùkọ́ Ọ̀rọ̀, akọ̀wé kan, ọmọ mi, èmi. Wọ́n ti baálé mi wọlé lórí àga onítáyà, ó wọ ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀ aláwọ̀ sánmà.

Dókítà ní, "Ẹ bi wọ́n ibi tí wọ́n wà."

Mo la ẹnu. Mi ò wo ojú ọmọ mi. Ọ̀rọ̀ náà jáde, ó sì jáde geere, kò já rárá. Mo gbọ́ tí ọmọ mi fa èémí.

Baálé mi dáhùn. Mo túmọ̀ rẹ̀: "Ó ní òun wà níbi tí wọ́n ti ń fi àwòrán ológbò dán àgbàlagbà wò." Akọ̀wé rẹ́rìn-ín, dókítà kọ nǹkan. Wọ́n ní kó gbé ọwọ́ òsì, ó gbé e. Wọ́n bi í ní iye ọdún rẹ̀, ó sọ ọ́. Wọ́n bi í ta ni èyí tó jókòó lápá ọ̀tún, ó ní, "Ọmọ mi. Òun ló ń gbé ìròyìn wọlé." Nígbà tí mo túmọ̀ ìyẹn, ọmọ mi bo ojú.

Mo ti ń yọ̀ nínú. Mo ti ń ro ibi tí mo máa sún àga rẹ̀ sí.

Dókítà ní, "Ìbéèrè tó kẹ́yìn. Ẹ bi wọ́n bóyá wọ́n fẹ́ bá yín padà sílé."

Mo bi í. Ó pẹ́ kó tó dáhùn. Mo rò pé ọ̀rọ̀ ti sọnù mọ́ ọn lẹ́nu. Lẹ́yìn náà ó sọ ọ́, jẹ́jẹ́, kò bínú, ojú mi ló ń wò.

"Kí ni wọ́n wí, Màmá?"

Nínú yàrá yẹn, èmi nìkan ni mo gbọ́. Tí mo bá ní ó sọ pé bẹ́ẹ̀ ni, ó parí, mọ́tò ọmọ mi wà nísàlẹ̀. Ta ló máa já mi nírọ́? Mo fẹ́ kó wálé gan-an. Baálé mi sì ń wò mí, ó ń dúró de ohun tí mo máa sọ.

Mo ní, "Ó ní rárá. Ó ní ogójì ọdún lòun fi dákẹ́ nínú ilé yẹn. Ó ní ìwọ̀nba ọ̀rọ̀ tó kù fóun báyìí, òun fẹ́ máa sọ ọ́. Ó ní Mẹ́ta-Ìka ní yàrá kan fóun ní bárékè."

 Dókítà wá ní, "Wọ́n lóye. Kò sí àní-àní." Ó fọwọ́ sí ìwé náà. Kò ní lọ sí òdìkejì odò. Ẹ̀bẹ̀ mi gbà, èmi ni kò bá wálé.

Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kejì

Ọmọ mi kò gbé fóònù mi títí di ìrọ̀lẹ́. Nígbà tó gbé e, ó ní, "Màmi, gbogbo ìgbà tí wọ́n bá gbọ́ ìròyìn mi tán tí wọ́n ní 'Ó dára,' mo máa ń rò pé ohun tí wọ́n ní láti sọ ò ju bẹ́ẹ̀ lọ ni. Mo rò pé bàbá mi ò fi bẹ́ẹ̀ fẹ́ràn ọ̀rọ̀."

 Mo ní kó jẹun. Ó ní kí n má sọ ìyẹn fóun.

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kẹjọ

Wọ́n gbé e lọ sí bárékè lónìí. Mo lọ aṣọ rẹ̀ dáadáa, mo kó o sínú àpótí. Agbálẹ̀ náà ló wá gba àpótí náà lẹ́nu ọ̀nà mi. Mo tọrọ àforíjì lọ́wọ́ rẹ̀ fún ọjọ́ ibùdókọ̀. Ó ní, "Kò burú, Mà. Ẹ̀yin kọ́ ni àkọ́kọ́."

Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ kọkànlá

Òjò. Ilé dákẹ́. Mo gbọ́ ìròyìn aago mẹ́fà, kò sẹ́ni tó ní ó dára.

Ọjọ́ Ẹtì, ọjọ́ kejìlá

Mo wọ bọ́ọ̀sì méjì lọ sí bárékè. Ọ̀dà ti bó lára ògiri, àwọn ọmọ kún orí àtẹ̀gùn, wọ́n ń sọ̀rọ̀ tó yára débi pé ìdajì ni mo gbọ́. Ọ̀kan nínú wọn bi mí ta ni mò ń wá. Mo sọ fún un ní èdè èbúté. Ó wo ìkejì rẹ̀, wọ́n rẹ́rìn-ín, ó sì fọwọ́ mú mi lọ.

Ohùn rẹ̀ ni mo kọ́kọ́ gbọ́. Ó wà lórí bẹ́ǹṣì láàárín àwọn àgbà ọkùnrin mẹ́rin, ó ń jiyàn, ó ń já, ó ń wá ọ̀rọ̀, wọ́n ń dúró dè é, á tún gbá a mú, á máa lọ. Ó ń bú ẹnì kan. Ó ń fọwọ́ òsì lu bẹ́ǹṣì. Aláròyé ni ọkùnrin yìí! Aláròyé ni mo fẹ́, mi ò sì mọ̀. Mo dúró lẹ́bàá òpó, mo tẹ́tí, bí ọmọbìnrin tí kò tíì mọ bó ṣe máa kí ọkùnrin.

Nígbà tó rí mi, ó dákẹ́. Mo ní kó má dákẹ́, jọ̀ọ́, kó parí rẹ̀. Ó parí rẹ̀. Àwọn yòókù dìde lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n fi àyè sílẹ̀ fún mi lórí bẹ́ǹṣì.

Mo jókòó tì í. Mo ti ń kọ́ gbólóhùn náà láti inú bọ́ọ̀sì kìíní. Mo bi í bóyá kí n kó ẹrù mi wá.

Ó wo èbúté. Ó ní òun á rò ó.